Ẹni Tí Ì Bá Jẹ́ Beathag

Ní ilé wa, Beathag a máa bí Marsaili, Marsaili a sì máa bí Beathag. Bẹ́ẹ̀ ni ó rí láti ìgbà tí a ti lè ka ìran wa. Ọmọbìnrin àkọ́bí a máa jẹ́ orúkọ ìyá ìyá rẹ̀, èkejì a máa jẹ́ orúkọ ìyá bàbá rẹ̀. Ìlànà abúlé wa nìyẹn, àti ti gbogbo erékùṣù Lewis pàápàá. Ìyá wa ni Beathag. Ẹ̀gbọ́n mi tí ó jẹ́ àkọ́bí rẹ̀ ni Marsaili. Èmi Seonag ni èkejì, orúkọ ìyá bàbá wa ni mo jẹ́, mo sì ń gbé pẹ̀lú ìyá wa nítorí pé n kò lọ́kọ.

Ìyè ni ìtumọ̀ Beathag ní èdè wa. Beathag tí a fi ń bẹ̀rẹ̀ kíkà ìran wa, etí òkun ni wọ́n bí i sí, ní ọdún tí onílẹ̀ fẹ́ fi àgùntàn kún àfonífojì tí àwọn baba ńlá wa ń gbé. Àwọn ìránṣẹ́ rẹ̀ wá, wọ́n ṣí òrùlé kúrò lórí ilé, wọ́n da omi sí iná ààrò. Obìnrin kan tí oṣù rẹ̀ ti pé rìn dé etíkun pẹ̀lú àwọn yòókù, ó sì bímọ lábẹ́ ọkọ̀ tí wọ́n dojú rẹ̀ dé nínú òjò. Ọmọ náà kò ké. Agbẹ̀bí fẹ́ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí ó lè tọ́jú ìyá, ṣùgbọ́n ìyá kò jẹ́. Ó ń mí sí ọmọ náà lẹ́nu, ó ń ké pe Ọlọ́run, títí ọmọ náà fi ká ẹsẹ̀ rẹ̀ sókè tí ó sì figbe ta. Wọ́n sọ ọ́ ní Beathag, nítorí yàtọ̀ sí ìyè, kò sí ohun mìíràn tí wọ́n rí kó jáde ní àfonífojì náà.

Ìtàn yìí ni ìyá wa fi ń rẹ̀ wá lẹ́kún nígbà tí a wà ní kékeré, mo sì mọ̀ ọ́n bí mo ti mọ àwọn Sáàmù. Nígbà tí wọ́n bí ìyá wa, akọ̀wé tí ó ń kọ orúkọ ọmọ sílẹ̀ fún ìjọba kò gbọ́ èdè wa. Ó ní Beathag kì í ṣe orúkọ, ó sì kọ Rèbékà dípò rẹ̀. Bí apínlẹ́tà bá dúró lẹ́nu ọ̀nà tí ó pe Rèbékà, ìyá wa kì í dáhùn. Ohun tí ó máa ń wí ni pé, "Bí o bá ń wá Rèbékà, lọ wò ó lọ́dọ̀ Ísáákì. Beathag ló wà níbí."

Marsaili fẹ́ Torcuil, ọmọ Raonaid, tí ilé wọn kò jìnnà sí tiwa ju ibi tí ohùn lè dé lọ. Ènìyàn jẹ́jẹ́ ni Torcuil. Nígbà òtútù, ó máa ń hun aṣọ onírun àgùntàn nínú ahéré ẹ̀yìn ilé. Nígbà tí òkun bá rọlẹ̀, òun àti Murchadh àbúrò rẹ̀ a máa lọ gbé ìgèrè tí wọ́n fi ń mú alákàṣà. Murchadh ni àbíkẹ́yìn Raonaid. Ọlọ́yàyà ni, ó sì lóhùn tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi jẹ́ pé, bí a bá ń kọ Sáàmù, òun ni àwọn ọmọge ń tẹ̀lé, wọn a gbàgbé adárí orin. Ìgbì kan ni ó yí ọkọ̀ wọn dànù lẹ́gbẹ̀ẹ́ àpáta, àwa tí a wà ní etíkun sì ń wò ó. Torcuil rí ìdí ọkọ̀ dì mú. Murchadh kò rí nǹkan kan dì mú. Òkun kò dá òkú rẹ̀ padà. Kò láya, kò bímọ, kò sì sí ibojì kan tí Raonaid lè tọ́ka sí pé ọmọ òun ló sùn síbẹ̀.

Àwọn àgbà sọ pé jagunjagun òkun ni ìtumọ̀ Murchadh. Raonaid sọ fún mi lẹ́ẹ̀kan, níbi tí a ti ń kó ọ̀dùnkún, pé, "Seonag, ta ló rán mi? Mo pe ọmọ mi ní jagunjagun òkun, òkun sì ní òun gbọ́, ó jáde wá bá a jà."

Mo bá a gbé apẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Ó ti pẹ́ tí Marsaili ti ń wá ọmọ. Ìgbà tí ó fi máa lóyún, ọkàn ìyá wa ti ń ṣàárẹ̀, ẹsẹ̀ rẹ̀ wú, kò lè kúrò lórí bẹ́ẹ̀dì tí ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri mọ́. Dókítà tí ó ti ìlú Stornoway wá sọ fún mi lẹ́yìn ilẹ̀kùn pé kí n má retí ọdún púpọ̀. Ìyá wa mọ̀ láìjẹ́ pé ẹnì kan sọ fún un. Kò bèèrè ohunkóhun lọ́wọ́ Ọlọ́run mọ́, àfi ẹyọ kan: kí òun rí ẹni tí yóò jẹ́ orúkọ òun, kí òun gbé ọwọ́ lé e lórí. "Lẹ́yìn ìyẹn," ni ó máa ń wí, "Ó lè pè mí nígbàkúùgbà. Mi ò ní bá A jiyàn."

Ọmọ dé ní ìgbà tí àwọn àgùntàn ń bí. Obìnrin ni.

Ní abúlé wa, a kì í pe orúkọ ọmọ kí omi ìsàmì tó kàn án lórí. A kì í pè é síta, a kì í pè é sínú ilé, bàbá àti ìyá kì í pè é sí ara wọn létí. Bí a bá pè é, a gbàgbọ́ pé ibi lè gbọ́ ọ ṣáájú ìbùkún. Àlùfáà ti bá wa wí lórí rẹ̀ pé àṣà àwọn kèfèrí ni, a sì ń mi orí sí i, a sì ń ṣe é lọ. Àlejò ni a máa ń pe irú ọmọ bẹ́ẹ̀. A kì í sì í gbé e jáde kúrò nínú ilé títí di ọjọ́ tí bàbá rẹ̀ yóò gbé e dúró níwájú ìjọ, tí àlùfáà yóò tẹ̀ ba, tí bàbá yóò sì sọ orúkọ náà fún un ní ohùn jẹ́ẹ́jẹ́. Ìgbà náà ni gbogbo ayé tó máa gbọ́ ọ.

Peigi aládùúgbò wa wá kí Marsaili. Ó mú wàrà dídì àti ẹyin lọ́wọ́, ó sì jókòó ti iná. Ọmọ náà ń ké.

"Àlejò yín yìí mà lóhùn o," ni Peigi wí. "Ẹ fà á lé adárí orin lọ́wọ́, ohùn tiẹ̀ ti ń ha."

"Bó bá jọ ìyá ìyá rẹ̀, á lóhùn," ni Marsaili dá a lóhùn.

"Ìyá ìyá rẹ̀ wo? Èyí tó ń lé apínlẹ́tà?"

Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Peigi gbé ife tíì rẹ̀ lé orúnkún. "Mi ò bi ọ́ ní nǹkan kan o, Marsaili. Kò ní í ṣẹlẹ̀ kí wọ́n ní ẹnu Peigi ló kó bá ọmọ. Ṣùgbọ́n ta ni kò mọ ẹni tó ń bọ̀?"

Raonaid wà lórí àga rẹ̀ níbi igun, ó ń hun ìbọ̀sẹ̀. Kò gbé ojú sókè. "Kì í ṣe gbogbo wa ló mọ̀ ọ́n," ni ó wí.

Peigi wo inú ife rẹ̀ bí ẹni pé nǹkan já sí i. Kò pẹ́ tí ó fi rántí pé òun ní màlúù láti fún wàrà rẹ̀.

Ìyá wa kò lè rìn lọ síbẹ̀, a kò sì lè gbé ọmọ jáde wá bá a. Èmi ni mo ń sáré láàárín ilé méjèèjì. "Báwo ni ojú rẹ̀ ṣe rí?" ni yóò bi mí.

"Iwájú orí yín ló gbé wá."

"Ó mà ṣe fún un o. Irun ńkọ́?"

"Kò tíì hù."

"Wí fún Marsaili kí ó má jẹ́ kí òtútù mú Bea..." Ó yára fi ọwọ́ bo ẹnu, ojú tì í bí ọmọdé. "Kí òtútù má mú àlejò," ni ó wí.

Àṣà wa ni pé ẹni tí a bá fi orúkọ rẹ̀ sọ ọmọ ní í fún ọmọ náà ní àgùntàn tí yóò fi bẹ̀rẹ̀ agbo tirẹ̀. Ìyá wa ti yan abo àgùntàn kan tí ojú rẹ̀ dúdú, ọmọ méjì sì ń tẹ̀lé e. Ó ní kí n gé àmì ọmọ náà sí i létí. Mo gé e. Marsaili sọ fún ọkọ rẹ̀ pé ìyá ti sàmì sí àgùntàn, Torcuil sì mi orí.

Ọjọ́ kan mo lọ bá Torcuil ní ahéré rẹ̀ kí n lè gba òwú tí ó ṣẹ́kù. Ilẹ̀kùn ṣí sílẹ̀. Raonaid wà nínú ahéré náà, ó sì tẹ́ súwẹ́tà kan sórí aṣọ tí Torcuil ń hun lọ́wọ́. Mo mọ súwẹ́tà náà. Ti Murchadh ni, èyí tí ó máa ń wọ̀ lọ sí òde, tí ìyá rẹ̀ fi gbogbo ìgbà òtútù kan hun fún un. Ẹsẹ̀ Torcuil dúró lórí ẹ̀rọ.

Raonaid rí mi. "Mo ní kí afẹ́fẹ́ fẹ́ sí i ni," ni ó wí. "Kòkòrò ti ń jẹ apá rẹ̀."

Mo tọ Marsaili lọ. "Ẹ̀gbọ́n mi, bá ọkọ rẹ sọ̀rọ̀. Bi í ní ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀."

"Kí n bi í bí ti báwo? Kí n pe orúkọ ọmọ mi kí omi tó kàn án? Ìwọ mọ bí mo ṣe wá a tó, Seonag. Bí nǹkan bá ṣe é, ẹnu mi ni wọ́n máa wò."

"O lè bi í láì pe orúkọ."

"Torcuil mọ ìlànà bí èmi náà ṣe mọ̀ ọ́n. Mo sọ̀rọ̀ àgùntàn fún un, ó mi orí. Kí ló tún kù?" Ó gbé ọmọ náà sí èjìká kejì. "Ìyá ọkọ mi ń ṣọ̀fọ̀. Jẹ́ kó tẹ́ súwẹ́tà rẹ̀ síbi tó bá wù ú."

Mo fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìlànà ṣe kedere lójú tiwa. Ṣùgbọ́n ìlànà mìíràn wà tí kì í fi bẹ́ẹ̀ ṣẹlẹ̀, tí àwọn tí òkun ti bà nínú jẹ́ kò sì gbàgbé: bí ọkùnrin bá kú láìbímọ, ọmọ tí a bá kọ́kọ́ bí nílé arákùnrin rẹ̀ ni yóò gbé orúkọ rẹ̀ ró, kí orúkọ náà má baà parẹ́, gẹ́gẹ́ bí ó ti rí ní Ísírẹ́lì. Bí ó bá jẹ́ obìnrin, a ó yí orúkọ ọkùnrin náà sí ti obìnrin. Ìdí nìyẹn tí obìnrin fi pọ̀ ní erékùṣù wa tí ó jẹ́ pé orúkọ ọkùnrin tó bómi lọ ni wọ́n ń jẹ́.

Ọjọ́ Ìsinmi ni ìsàmì. Mo ní kí Peigi jókòó ti ìyá wa, mo sì bá wọn lọ. Lẹ́yìn ìwàásù, Marsaili gbé ọmọ náà rìn lọ sí iwájú, ó gbé e lé Torcuil lọ́wọ́, ó sì padà sẹ́yìn díẹ̀ bí a ti ń ṣe. Àlùfáà bá a sọ̀rọ̀ nípa májẹ̀mú àti nípa títọ́ ọmọ nínú ẹ̀kọ́ Olúwa. Torcuil tẹrí ba. Lẹ́yìn náà ni àlùfáà tẹ̀ sún mọ́ ọn, ètè Torcuil sì mì. Mo rí i tí àlùfáà tún tẹ etí sí i lẹ́ẹ̀kejì, bí ẹni pé kò dá a lójú.

Ó ki ọwọ́ bọ omi. "Murdag," ni ó wí ní ohùn gbangba, gbogbo ìjọ sì gbọ́ ọ, "mo sàmì fún ọ ní orúkọ Baba, àti ti Ọmọ, àti ti Ẹ̀mí Mímọ́."

Murdag ni Murchadh tí a sọ di obìnrin.

Ó rí bí ìgbà tí afẹ́fẹ́ ṣíwọ́ fífẹ́. Marsaili na ọwọ́ gba ọmọ rẹ̀. Ó jókòó, ó gbé e lé ẹsẹ̀, ó fi ìka nu omi orí rẹ̀, ó ń nù ún, ó ń nù ún, nígbà tí orí ọmọ náà ti gbẹ. Adárí orin dá Sáàmù. Ní ìhà kejì, Raonaid ń sunkún, ojú rẹ̀ sì dàbí ti ìyá tí wọ́n bá a rí òkú ọmọ rẹ̀ ní etíkun lẹ́yìn ìwákiri. Mo gbìyànjú láti bínú sí i nílé Ọlọ́run, kò ṣeé ṣe fún mi. Ìbínú náà dúró dè mí níta.

A ń rìn bọ̀ wá sílé nínú aṣọ dúdú wa. Torcuil rìn sún mọ́ ìyàwó rẹ̀. "Marsaili," ni ó wí, "kò ní ibojì."

"Ṣé inú ọmọ mi lo wá fẹ́ gbẹ́ ẹ sí?"

"Èmi ni mo di ọkọ̀ mú. Òun ò rí i dì mú. Ojoojúmọ́ ni mò ń..."

"O mi orí sí mi, Torcuil. Mo ní ìyá mi ti sàmì sí àgùntàn, o sì mi orí."

Raonaid ń bọ̀ lẹ́yìn wa pẹ̀lú Bíbélì rẹ̀ lábẹ́ apá. A kò lè ní kí ó má bá wa wọlé, nítorí àṣà ni pé ilé àgbà ni a máa ń kọ́kọ́ gbé ọmọ tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ sàmì fún lọ.

Peigi ti wọ aṣọ mímọ́ fún ìyá wa, ó ti ya irun rẹ̀. Bí Peigi ti rí ojú wa, ó mú ìborùn rẹ̀, ó sì jáde lọ láì kí ẹnì kan.

"Ẹ gbé e wá síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà," ni ìyá wa wí. Ó ti na ọwọ́ méjèèjì. "Marsaili, wí fún mi. Etí mi ti dúró tó."

Marsaili gbé ọmọ náà sí i láyà. Ó wò mí, ó wo ìyá wa, ó sì wí pé, "Beathag ni, ìyá."

"Beathag." Ìyá wa pè é jẹ́ẹ́jẹ́ bí ẹni tó ń tọ́ oyin wò. "Beathag ọmọ Marsaili ọmọ Beathag. Olúwa tó mí sí ìyá ńlá rẹ létíkun, kí Ó mí sí ọ. Ìyè ni wọ́n pè ọ́, ìyè ni kí o jẹ́." Ó gbé ọwọ́ lé e lórí. Omi bọ́ lójú rẹ̀, ó sì ń rẹ́rìn-ín.

Torcuil dorí kodò. Mo mọ̀ pé ẹ̀ṣẹ̀ ni irọ́, pàápàá ní ọjọ́ Olúwa, síbẹ̀ mo gbàdúrà nínú ọkàn mi pé kí Ọlọ́run dí ẹnu gbogbo wa kí irọ́ náà lè dúró. Kò gbọ́ mi.

"Ẹ má bínú, Beathag," ni Raonaid wí láti ẹnu ọ̀nà. "Mi ò lè dúró níbí kí wọ́n ri ọmọ mi sómi lẹ́ẹ̀kejì. Murdag ni ọmọ náà ń jẹ́. Àlùfáà ti pè é, gbogbo ìjọ ti gbọ́."

Ìyá wa wo ọmọ náà. Ó wo bàbá rẹ̀.

"Torcuil, ṣé òótọ́ ni?"

"Òótọ́ ni, ìyá."

"Ìwọ lo sọ ọ́ fún àlùfáà?"

"Èmi ni. Ẹ jọ̀ọ́, ìyá, ó kú láì ní..."

"Mo mọ ohun tí kò ní." Ó gbé ọwọ́ rẹ̀ kúrò lórí ọmọ náà, ọ̀kan, lẹ́yìn náà èkejì. "Ó dáa. Òkú ló ṣáájú. Mi ò bá ọ jà, Raonaid, ojú rẹ ti rí tó." Ó wá yí sí ẹ̀gbọ́n mi. "Ṣùgbọ́n ìwọ, Marsaili, o jẹ́ kí n fi orúkọ Ọlọ́run súre lórí irọ́. Àdúrà ìkẹyìn tí mo ní nìyẹn."

"Ìyá, mo fẹ́ kí inú yín..."

"Gbé ọmọ Torcuil lọ sílé. Òtútù wà níbí."

Ó sì yí ojú sí ògiri gẹ́gẹ́ bí Hesekáyà ọba, àmọ́ kì í ṣe ọjọ́ gígùn ni ó ń tọrọ.

Ní ọ̀sẹ̀ yẹn, ó ní kí n ta àgùntàn ojú dúdú náà pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀. Mo ní kí a fi wọ́n fún ọmọ náà síbẹ̀síbẹ̀. Ó ní, "Àmì ẹni tí kò sí ló wà létí rẹ̀," mo sì dà wọ́n lọ sọ́jà.

Ó lo ìgbà ooru náà tán. Marsaili ń gbé ọmọ wá wò ó. Ìyá wa a máa rẹ́rìn-ín sí ọmọ náà, a máa fún un ní èérún àkàrà ọkà báálì tí a rẹ sínú wàrà, "ọmọ Torcuil" ni ó sì ń pè é. Kò fi ìgbà kan pe orúkọ rẹ̀. Bí Marsaili bá sọ̀rọ̀, ìyá wa a dá a lóhùn: bẹ́ẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀ kọ́, ó ṣe. Ṣùgbọ́n ó ń wo ibòmíràn. Marsaili bẹ̀ ẹ́ níṣojú mi. Ó kúnlẹ̀ ti bẹ́ẹ̀dì, ó ní, "Ìyá, ẹ dárí jì mí." Ìyá wa ní, "Mo ti dárí jì ọ́ tipẹ́," ojú rẹ̀ sì wà lára ògiri.

Ó kú nígbà tí a ń kó ilẹ̀ dúdú tí a gé gbẹ ní àbàtà wálé fún ìdáná. Ní erékùṣù wa, ọkùnrin nìkan ní í tẹ̀lé òkú dé ibojì. Èmi àti Marsaili dúró lẹ́nu ọ̀nà, a sì ń wò wọ́n títí wọ́n fi gba ẹ̀yìn òkè. Torcuil ló di okùn ìhà orí pósí mú, nítorí ìyá wa kò lọ́mọkùnrin. Nígbà tí ó dé, Marsaili bu omi gbígbóná fún un kí ó fi fọ ọwọ́. "O tún ti sin ọ̀kan," ni ó wí fún un. Kò pariwo. Láti ọjọ́ ìsàmì ni kò ti gbé ohùn sókè sí ẹnikẹ́ni. Oúnjẹ jinná lásìkò, ó ń fún wàrà màlúù, ó ń kọ́ ọmọ rẹ̀ ní àdúrà. Ṣùgbọ́n kò pe ọmọ náà ní Murdag rí. "Ìwọ" ni ó ń pè é, tàbí "ọmọ yìí". Raonaid ló ń pe orúkọ náà láti òwúrọ̀ títí alẹ́, ọmọ náà a sì máa sáré lọ bá a.

Ìgbà tí Murdag ti ń sọ̀rọ̀ dáadáa ni Marsaili bí ọmọbìnrin mìíràn. Mo wà níbẹ̀ ní ọ̀sán kan, mò ń ṣe tíì. Marsaili ń fún ọmọ lọ́mú. Torcuil wọlé láti ahéré, irun òwú wà lára rẹ̀, kò jókòó.

"Marsaili," ni ó wí, "Beathag la máa sọ eléyìí."

Abẹ́rẹ́ ìhunṣọ bọ́ lọ́wọ́ Raonaid. Kò sí ẹni tí ó pe orúkọ ọmọ bẹ́ẹ̀ rí nínú ilé yẹn, ní ọ̀sán gangan, kí omi tó kàn án. Ṣùgbọ́n ó gbé abẹ́rẹ́ rẹ̀ nílẹ̀, ó sì wí pé, "Jẹ́ kó rí bẹ́ẹ̀, ìyàwó mi. Mo mọ̀ pé orúkọ mi ló kàn. Mo yọwọ́. Ìyá rẹ ló ní òkú ló ń ṣáájú. Kó ṣáájú fún òun náà."

Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí Raonaid ṣe bí ẹni pé òun jẹ gbèsè nínú ọ̀rọ̀ yìí. Mo rí i pé ó nira fún un. Mo gbé ìkòkò tíì sílẹ̀, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run nínú ọkàn mi.

"Raonaid ni," ni Marsaili wí.

"Mo ní mo yọwọ́, ọmọ mi."

"Mo gbọ́ yín, màmá. Ọmọbìnrin èkejì, orúkọ ìyá bàbá. Ìlànà ni. Ẹ jẹ́ kí ẹnì kan pa á mọ́ nínú ilé yìí."

"Mo bẹ̀ ọ́," ni Torcuil wí.

"Nígbà tí ìyá mi ń na ọwọ́, ẹ̀bùn ni ì bá jẹ́, Torcuil. Ó ti di ìtanràn báyìí. San án fún ara rẹ."

Mo kúnlẹ̀ síwájú rẹ̀. "Ẹ̀gbọ́n mi, ìyá wa náà nìyẹn. Kì í ṣe Torcuil nìkan lò ń fi ìyà jẹ. Èmi ò bímọ. Bí kò bá jẹ́ ọmọ yìí, ta ló tún kù tó máa jẹ́ Beathag?"

Ó wò mí, ojú rẹ̀ sì gbẹ. "Ìwọ náà wà níbẹ̀, Seonag. Ó yí ojú sí ògiri. Títí wọ́n fi kàn án sínú pósí, ṣé o rí i kó yí i padà sí mi?"

N kò lè sọ pé mo rí i.

"Nítorí orúkọ yẹn ni mo ṣe pa irọ́ kan ṣoṣo láyé mi," ni ó wí. "Mi ò tún ní í gbé e kọ́rùn."

Mo mọ ohun tí Ìwé Mímọ́ wí nípa gbòǹgbò ìkorò. Mo ti gbàdúrà lórí rẹ̀, mo sì ń gbàdúrà lọ, ṣùgbọ́n n kò tíì mọ bí a ṣe ń fà á tu nínú ọkàn ẹlòmíràn láì ba ohun tó yí i ká jẹ́.

Torcuil ṣe ohun tí Marsaili fẹ́. Ní ọjọ́ Ìsinmi, ó sọ orúkọ ìyá rẹ̀ fún àlùfáà, gbogbo ìjọ tí wọ́n ti ń retí Beathag sì wo ara wọn. Nígbà tí a délé, Peigi àti àwọn aládùúgbò kún inú ilé, Marsaili pín tíì àti àkàrà fún wọn, ó bi olúkúlùkù bóyá ṣúgà rẹ̀ tó. Raonaid jókòó lórí àga rẹ̀ níbi igun, wọ́n sì ń kí i pé ó kú oríire orúkọ. Ó ń dá wọn lóhùn láì gbé ojú sókè. Ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í ké lórí bẹ́ẹ̀dì.

Marsaili gbé àwo sílẹ̀. "Raonaid," ni ó wí, ohùn rẹ̀ tutù, ó sì ń wo ojú ìyá ọkọ rẹ̀ bí ó ti ń pe ọmọ náà. "Raonaid, dákẹ́. Mo ń bọ̀ wá fún ọ lọ́mú."